Akáúntì ni Hashimoto Shinobu ń ṣe nígbà tó kọ Rashomon

Ìbéèrè: Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Akáúntì ni mò ń ṣe ní ilé-iṣẹ́ kan níbí n'Ìbàdàn. Bí mo bá délé lálẹ́, ìwé eré ni mo máa ń kọ. Ọdún kẹrin rèé, kò sì tíì sí èyí tí ẹnikẹ́ni yà nínú wọn. Ọ̀rẹ́ mi kan ló wá sọ fún mi pé ọkùnrin ará Japan tó kọ eré àwọn samúráì méje yẹn, akáúntì lòun náà ń ṣe tẹ́lẹ̀. Ṣé òótọ́ ni? Báwo ló ṣe rìn ín tó fi débẹ̀? Ṣé kí èmi náà kọ̀wé fiṣẹ́ sílẹ̀, kí n gbájú mọ́ eré? Àwọn kan sì ń sọ pé ẹni tó bá ti ń kọ ti tẹlifíṣọ̀n, ọwọ́ rẹ̀ ò ní gba ti sinimá mọ́.

Ìdáhùn: Àbúrò mi, òótọ́ lọ̀rẹ́ ẹ sọ. Hashimoto Shinobu lorúkọ ọkùnrin náà. Hashimoto ni orúkọ ìdílé rẹ̀, torí àwọn ará Japan a máa fi orúkọ ìdílé ṣáájú. Ọjọ́ 18 oṣù kẹrin ọdún 1918 ni wọ́n bí i, ní ìlú kékeré kan ní agbègbè Hyogo. Ó kú ní Tokyo lọ́jọ́ 19 oṣù keje ọdún 2018, ó ti pé ẹni ọgọ́rùn-ún ọdún. Kò sí ilé-ẹ̀kọ́ sinimá kankan tó kọ́ ọ níṣẹ́. Kì í sì í ṣe òun nìkan ló kọ eré samúráì méje náà (àwọn jagunjagun Japan ayé àtijọ́ ni samúráì), ẹni mẹ́ta ni wọ́n. Mo máa débẹ̀.

Bí àwọn èèyàn bá ń sọ̀rọ̀ rẹ̀, ẹ̀bùn ni wọ́n máa ń tẹnu mọ́. Ó ní ẹ̀bùn lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ohun tí èmi rí nínú iṣẹ́ rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin yàtọ̀ síyẹn: ó máa ń wá ẹni tó lè wo ojú rẹ̀ sọ pé èyí ò tíì dáa, á sì padà lọ tún un kọ. Ìgbà tó bá ní irú ẹni bẹ́ẹ̀, iṣẹ́ rẹ̀ a máa dúró ṣánṣán. Ohun tí mo fẹ́ kó o fọkàn sí bó o ṣe ń ka ìtàn yìí nìyẹn.

Ọdún 1938 ló wọṣẹ́ ológun. Kò pẹ́ tí ikọ́ ẹ̀gbẹ fi dá a dúró, wọ́n sì gbé e lọ sí ilé ìtọ́jú àwọn sójà tó ń ṣàìsàn ní Okayama. Ọdún bíi mẹ́rin ló lò níbẹ̀. Lọ́jọ́ kan, ọkùnrin tó wà lórí bẹ́ẹ̀dì ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ na ìwé ìròyìn kan sí i, ìwé tó dá lórí sinimá, kó lè rí nǹkan kà. Ìwé eré kan wà nínú rẹ̀. Hashimoto kà á tán, ó ní ṣé ohun tí wọ́n ń pè ní ìwé eré náà nìyí, pé òun náà lè kọ irú èyí. Ó wá béèrè pé ta ló mọ̀ ọ́n kọ jù lọ ní gbogbo Japan. Wọ́n ní Itami Mansaku ni. Ó ní ó dáa, òun á kọ tòun, òun á sì fi ránṣẹ́ sí i.

Ọ̀rọ̀ ọ̀dọ́ tí kò mọ̀ bí omi ṣe jìn tó ni. Ṣùgbọ́n wo ohun tó béèrè. Kò béèrè ibi tí wọ́n ti ń ra ìwé eré, kò béèrè iye tí wọ́n ń san. Ẹni tó mọṣẹ́ náà jù ló béèrè. Nígbà tó sì kọ tirẹ̀ tán, lórí ìgbésí ayé àwọn sójà tó wà nílé ìtọ́jú yẹn, tó fi ránṣẹ́, Itami dá a lóhùn. Ó to àwọn àléébù rẹ̀ lẹ́sẹẹsẹ fún un. Itami fúnra rẹ̀ ń ṣàìsàn ikọ́ ẹ̀gbẹ nílé nígbà yẹn ní Kyoto. (Bàbá Itami Juzo ni, ọmọ tó wá di olùdarí sinimá tó lókìkí lẹ́yìn náà.) Láti ọjọ́ yẹn, Hashimoto di ọmọ iṣẹ́ rẹ̀, kò sì sí ọmọ iṣẹ́ mìíràn tí Itami gbà lẹ́nu ìwé eré.

Ara Hashimoto yá díẹ̀, ó padà sílé, ó rí iṣẹ́ akáúntì sí ilé-iṣẹ́ kan ní Himeji. Ọkọ̀ ojú irin ló ń wọ̀ lọ sẹ́nu iṣẹ́ láàárọ̀, òun náà ló ń wọ̀ bọ̀ nírọ̀lẹ́, inú ọkọ̀ náà ló sì ti ń kọ̀wé. Tó bá kọ ọ́ tán, á gbé e lọ fún ọ̀gá rẹ̀ ní Kyoto.

Nínú ìwé tí Hashimoto fọwọ́ ara rẹ̀ kọ, tó jáde lọ́dún 2006, ó sọ̀rọ̀ kan tó wáyé láàárín àwọn méjèèjì tí n kò jẹ́ gbàgbé. Itami bi í pé, bó bá fẹ́ sọ ìtàn tí ẹlòmíràn kọ di eré, báwo ló ṣe máa ń ṣe é. Hashimoto ní ká sọ pé màlúù kan wà nínú ọgbà, kò lè jáde. Bójò ń rọ̀, bí ẹ̀fúùfù ń fẹ́, ojoojúmọ́ lòun á máa lọ wò ó. Òun á yí i po, òun á wò ó níwájú, lẹ́yìn, lẹ́gbẹ̀ẹ́. Ọjọ́ tí òun bá rí ibi tí ẹ̀mí rẹ̀ wà gan-an, òun á ṣílẹ̀kùn ọgbà, òun á sì lù ú lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Bí kò bá ṣubú lẹ́ẹ̀kan yẹn, á dojú ìjà kọ òun. Lẹ́yìn náà lòun á dúńbú rẹ̀, òun á gba ẹ̀jẹ̀ rẹ̀. Ẹ̀jẹ̀ yẹn nìkan lòun fẹ́ fi ṣiṣẹ́. Bí màlúù náà ṣe rí tẹ́lẹ̀, ìwo rẹ̀, awọ rẹ̀, kò kan òun. Ìwọ tó ò ń gbé Ìbàdàn, o ti rí alápatà tó mọṣẹ́. Kì í ṣá màlúù káàkiri.

Itami gbà fún un pé bóyá bẹ́ẹ̀ ló rí. Ó wá fi kún un pé, ṣùgbọ́n láyé yìí, ìtàn mìíràn wà tí kì í ṣe pípa ló yẹ ẹ́. Òǹkọ̀wé á nífẹ̀ẹ́ rẹ̀ débi pé àwọn méjèèjì á jọ kú pọ̀ ni.

Itami kú ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1946. Aya rẹ̀ ló fojú Hashimoto mọ Saeki Kiyoshi, olùdarí kan tó ti bá Itami ṣiṣẹ́ rí, ọwọ́ Saeki sì ni ìwé eré kan tí Hashimoto kọ gbà dé ọ̀dọ̀ Kurosawa Akira, olùdarí sinimá. Orí ìtàn kúkúrú kan tí Akutagawa Ryunosuke kọ lọ́dún 1922 ni Hashimoto gbé e kà: wọ́n pa samúráì kan nínú igbó, ẹnu àwọn tó ń jẹ́rìí ò sì kò, títí kan ẹnu òkú fúnra rẹ̀. Kurosawa ránṣẹ́ pè é, ó ní ìwé náà dáa ṣùgbọ́n ó kéré. Hashimoto dáhùn lójijì pé ká fi Rashomon kún un, ìyẹn ìtàn Akutagawa mìíràn tó ti wà láti ọdún 1915. Ó délé tán ló wá mọ̀ pé òun ti bá ara òun dá gbèsè, torí àwọn ìtàn méjèèjì ò bára tan. Kurosawa ló padà tún ìwé náà ṣe tó fi dúró. Fíìmù náà jáde lọ́dún 1950, ó gba Kìnnìún Wúrà, ẹ̀bùn tó ga jù ní àjọ̀dún sinimá Venice ní Italy, lọ́dún 1951, ojú gbogbo ayé sì ṣí sí sinimá Japan.

Nísinsìnyí, gbọ́ ohun tó kan ìwọ gan-an: ìgbà tí Rashomon ti jáde tán ni Hashimoto tó fi iṣẹ́ akáúntì sílẹ̀ tó kó lọ sí Tokyo. Kì í ṣe ìrètí ló fi iṣẹ́ sílẹ̀ lé lórí.

Iṣẹ́ tí wọ́n jọ ṣe tẹ̀ lé e ni Ikiru, tó jáde lọ́dún 1952. Ìtàn akọ̀wé ìjọba kan tó mọ̀ pé jẹjẹrẹ inú ò ní jẹ́ kí òun pẹ́ láyé mọ́ ni. Hashimoto ló kọ́kọ́ kọ ọ́, òun àti Kurosawa wá jókòó tún un kọ. Iṣẹ́ ti ń lọ kí Oguni Hideo, ẹnì kẹta wọn tó dàgbà jù wọ́n lọ, tó dé. Ó ka èyí tí wọ́n ti kọ, ó ní kí ọkùnrin náà kú ní àárín eré, kí àwọn tó wá ṣòfò wá máa fẹnu ara wọn sọ ìyókù ìtàn rẹ̀. Inú bí Kurosawa burúkú burúkú, ó fa gbogbo ìwé náà ya. Ọ̀rọ̀ Oguni ni wọ́n sì ṣe. Ẹni tó bá ti wo eré náà mọ ibi tí mò ń wí: àwọn akọ̀wé tó ń mutí nílé òkú, tí wọ́n ń bura pé àwọn máa yí padà, tí ilẹ̀ ọjọ́ kejì sì mọ́ tí wọ́n tún jókòó sídìí ìwé wọn bí àná. Ibẹ̀ ni eré náà ti ń gún èèyàn lọ́kàn. Lọ́dún 2022, àwọn ará Britain tún un ṣe sí èdè tiwọn, òǹkọ̀wé Kazuo Ishiguro ló kọ ọ́.

Nípa samúráì méje yẹn, ohun tí wọ́n kọ́kọ́ fẹ́ ṣe kò jọ ọ́ rárá. Ọjọ́ kan péré nínú ayé samúráì kan ni wọ́n fẹ́ yà: ó jí láàárọ̀, ó lọ sí ààfin, ó ṣe àṣìṣe kékeré kan, ó darí wálé, ó sì gbẹ̀mí ara rẹ̀ bí àṣà wọn. Hashimoto kó wọ ilé ìkàwé fún ọ̀pọ̀ ọ̀sẹ̀. Ohun tó dí i lọ́nà ni oúnjẹ ọ̀sán. Ṣé samúráì ayé ìgbà yẹn máa ń gbé oúnjẹ lọ síbi iṣẹ́ ni, àbí wọ́n ń sè é fún un níbẹ̀? Ṣé ẹ̀ẹ̀mẹta ni wọ́n ń jẹun lójúmọ́ àbí ẹ̀ẹ̀mejì? Kò rí i níbì kankan. Ó ní bí òun ò bá mọ ohun tí ọkùnrin náà ń jẹ lọ́sàn-án, òun ò lè kọ ọjọ́ rẹ̀, ó sì pa iṣẹ́ náà tì. Kurosawa bínú títí ó fi rẹ̀ ẹ́. Wọ́n tún gbìyànjú láti to ìtàn àwọn akọni jagunjagun bíi mélòó kan jọ, ibi tó gbóná jù nínú ayé oníkálukú. Ìyẹn náà kú, torí eré tó jẹ́ kìkì ibi gbígbóná kì í ní ara tí ooru náà á gbé.

Ìgbà yẹn ni ìbéèrè oúnjẹ tún padà wá láti ọ̀nà mìíràn. Kurosawa fẹ́ mọ ohun tí samúráì aláìlọ́gàá tó ń rìn káàkiri máa ń jẹ. Motoki Sojiro, tó jẹ́ aṣagbátẹrù fún wọn, wádìí ọ̀rọ̀ náà wá. Ó ní wọ́n ń rí oúnjẹ níbi tí wọ́n ti ń kọ́ ìjà idà, wọ́n ń rí i nínú tẹ́ḿpìlì, bí gbogbo rẹ̀ bá sì kùnà, wọ́n á wọ abúlé kan, wọ́n á fi gbogbo òru ṣọ́ ọ nítorí olè, àwọn àgbẹ̀ á sì fún wọn lóúnjẹ. Ìyẹn ni pé àgbẹ̀ lè háyà samúráì! Eré náà dé nìyẹn. Iye tí wọ́n máa jẹ́ ló kù, wọ́n sì fi í sí méje. Wo bó ṣe jẹ́ pé ohun tó pa eré àkọ́kọ́ ló bí èyí tí gbogbo ayé mọ̀.

Hashimoto ló dá kọ ìwé àkọ́kọ́. Lẹ́yìn náà ni àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta kó lọ sí ilé àlejò kan ní Atami létí òkun, wọ́n sì lò bí ọ̀sẹ̀ mẹ́fà níbẹ̀. Jẹ́ kí n ṣàlàyé bí wọ́n ṣe jókòó fún ọ. Hashimoto àti Kurosawa dojú kọra lórí tábìlì pẹlẹbẹ kan. Ìran kan náà ni àwọn méjèèjì ń kọ lẹ́ẹ̀kan náà, oníkálukú pẹ̀lú pẹ́ńsùlù rẹ̀. Oguni jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ń ka ìwé tirẹ̀, kò kọ ìlà kan. Bí wọ́n bá kọ ọ́ tán, wọ́n á kó o fún un. Èyí tó bá ní ó dáa ló wọlé. Bó bá ní ìkankan ò dáa, àwọn méjèèjì á tún bẹ̀rẹ̀. Kurosawa, ẹni tí Venice ti dá lọ́lá, ń retí ohun tí ẹlòmíràn máa sọ nípa ìran tó ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ! Ó tún ní ìwé àkọsílẹ̀ níbi tó ti kọ ìwà oríṣiríṣi sílẹ̀ nípa samúráì kọ̀ọ̀kan, bí wọ́n ṣe ń rìn, bí wọ́n ṣe ń dáni lóhùn. Fíìmù náà jáde lọ́dún 1954, ó gùn tó ìṣẹ́jú 207, ó sì gba Kìnnìún Fàdákà ní Venice.

Hashimoto fúnra rẹ̀ sọ nínú ìwé rẹ̀ pé àṣìṣe wọn bẹ̀rẹ̀ lẹ́yìn èyí. Ní Rashomon, Ikiru àti Samúráì Méje, ẹnì kan ló kọ́kọ́ dá nìkan bá ìtàn náà jìjàkadì, kí àwọn yòókù tó wá dá sí i. Láti eré tí wọ́n ṣe lọ́dún 1955 lọ, gbogbo wọn ń jókòó pọ̀ kọ ìwé ìkẹyìn lójú ẹsẹ̀, kò sí ìwé àkọ́kọ́ mọ́. Iṣẹ́ ń yá, ṣùgbọ́n nǹkan kan ti lọ níbẹ̀. Mo gbà pẹ̀lú rẹ̀. Lókéṣọ̀n tiwa níbí, mo ti rí i lóríṣiríṣi: a ó kó èèyàn márùn-ún sí yàrá òtẹ́ẹ̀lì, a ó ní kí wọ́n kọ eré láàárín ọjọ́ mẹ́rin, oníkálukú á mú èyí tó rọrùn fún un, kò ní sí ẹni tó mọ ibi tí ẹ̀mí màlúù náà wà.

Ti tẹlifíṣọ̀n tó o béèrè ńkọ́? Lọ́jọ́ 31 oṣù kẹwàá ọdún 1958, nígbà tí tẹlifíṣọ̀n kò tíì pé ọdún mẹ́fà ní Japan, ilé-iṣẹ́ KRT, tó ń jẹ́ TBS lónìí, gbé eré kan tí Hashimoto kọ sáfẹ́fẹ́. Orúkọ rẹ̀ ni Watashi wa Kai ni Naritai, ìyẹn ni pé mo fẹ́ di ẹ̀dá inú ìkarahun, irú bí ìṣáwùrú. Wọ́n ti gba apá àkọ́kọ́ sílẹ̀ sórí téèpù, wọ́n ṣe ìyókù ní tààràtà bí àwọn èèyàn ṣe ń wò ó. Ìtàn onígbàjámọ̀ kan ni, ọkùnrin jẹ́ẹ́jẹ́ tó ní ṣọ́ọ̀bù kékeré, tó ní ìyàwó àti ọmọ. Wọ́n fipá mú un wọ ológun, ọ̀gá rẹ̀ pàṣẹ fún un pé kó gún ọmọ ogun Amẹ́ríkà kan tí wọ́n mú. Ogun parí, ó padà sí ìdí abẹ́ rẹ̀, ọjọ́ kan ni wọ́n dé ṣọ́ọ̀bù wá mú un bí ọ̀daràn ogun. Wọ́n yẹgi fún un. Nínú ìwé tó kọ sílẹ̀ de ìyàwó rẹ̀, ó ní bí òun bá tún ayé wá, òun ò fẹ́ ṣe èèyàn mọ́, ìsàlẹ̀ òkun lòun fẹ́ lẹ̀ mọ́ àpáta, níbi tí kò sí sójà, tí kò sí ogun. Ọ̀rọ̀ ìkẹyìn yẹn, inú ohun tí Kato Tetsutaro kọ ló ti wá, ọkùnrin tó ṣẹ̀wọ̀n bí ọ̀daràn ogun lóòótọ́. Hashimoto kò dárúkọ rẹ̀ níbẹ̀rẹ̀, Kato jà fún un, orúkọ rẹ̀ sì wọ inú iṣẹ́ náà. Fi ìyẹn náà sọ́kàn: ẹni tó o bá mú ọ̀rọ̀ rẹ̀, dárúkọ rẹ̀ kó tó di pé ó pè ọ́ lẹ́jọ́.

Lọ́dún 1959, Hashimoto fọwọ́ ara rẹ̀ darí eré náà fún sinimá. Ọdún mẹ́ta lẹ́yìn náà ló kọ Seppuku fún Kobayashi Masaki, eré tó gba ẹ̀bùn pàtàkì ní àjọ̀dún sinimá Cannes ní Faransé lọ́dún 1963, tí ọ̀pọ̀ èèyàn kà sí èyí tó le jù nínú gbogbo eré samúráì. Nítorí náà, tẹlifíṣọ̀n ò ba ọwọ́ rẹ̀ jẹ́.

Èyí tí èmi fẹ́ràn jù ni Suna no Utsuwa, Ìkòkò Iyanrìn, tó jáde lọ́dún 1974. Òun àti Yamada Yoji ni wọ́n kọ ọ́, Nomura Yoshitaro ló darí rẹ̀. Orí ìwé ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ kan tí Matsumoto Seicho kọ ni wọ́n gbé e kà, ìwé ńlá tí ìtàn kún inú rẹ̀ fọ́fọ́. Ibì kan wà nínú rẹ̀ tí Matsumoto sáré kọjá: bàbá kan tó ní àrùn ẹ̀tẹ̀ àti ọmọ rẹ̀ ọkùnrin kúrò ní abúlé wọn, wọ́n ń ṣagbe kiri. Hashimoto yí ìwé náà po, ó rí i pé ibẹ̀ ni ẹ̀mí rẹ̀ wà. Ó da gbogbo ìyókù sẹ́yìn. Ọ̀pọ̀ ọdún ni ìwé eré náà fi wà nílẹ̀ tí kò sẹ́ni tó fẹ́ yà á, títí Hashimoto fi dá ilé-iṣẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀ lọ́dún 1973.

Ní apá ìparí eré náà, ọlọ́pàá ń ka ẹjọ́ síwájú àwọn ọ̀gá rẹ̀, olórin tí wọ́n fẹ́ wá mú ń lu dùùrù níwájú ọ̀pọ̀ èrò, àwa sì ń rí bàbá àti ọmọ tí wọ́n ń rìn nínú yìnyín, létí òkun, lábẹ́ òdòdó. Wọn ò sọ̀rọ̀ kankan. Àwọn ọmọdé ń lé wọn kúrò lábúlé. Orin nìkan là ń gbọ́. Lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún, ọlọ́pàá gbé fọ́tò ọmọ náà, tó ti di gbajúmọ̀, lọ fún bàbá rẹ̀ nílé ìtọ́jú àwọn adẹ́tẹ̀. Arúgbó náà wò ó, omijé bọ́ lójú rẹ̀, gbogbo ara rẹ̀ ń gbọ̀n, ó sì kígbe pé òun ò mọ ẹni yìí rí. Kò sí nínú ìwé Matsumoto, àbúrò mi. Ẹ̀jẹ̀ màlúù nìyẹn.

Hakkoda-san, eré mìíràn tí Hashimoto kọ, ìtàn àwọn sójà tí yìnyín pa lórí òkè lọ́dún 1902, 199 nínú 210, pawó gidigidi lọ́dún 1977. Lọ́dún 1982 ló wá dá kọ, tó sì fọwọ́ ara rẹ̀ darí, Maboroshi no Mizuumi. Obìnrin kan ń sáré lé ẹni tó pa ajá rẹ̀ létí adágún Biwa, ìtàn náà lọ sáyé àtijọ́, ó tún fò lọ sójú sánmà. Àwọn èèyàn ò wá wò ó, wọ́n tètè yọ ọ́ kúrò ní ilé sinimá, iṣẹ́ sì gbẹ lọ́wọ́ rẹ̀ lẹ́yìn èyí. N kò ní fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Ṣùgbọ́n mo máa ń bi ara mi pé ta ló jókòó sí àyè Oguni lọ́tẹ̀ yìí?

Lọ́dún 2008, wọ́n tún fẹ́ ya eré onígbàjámọ̀ yẹn. Ẹni àádọ́rùn-ún ọdún ni Hashimoto. Ìwé tó ti gba ẹ̀bùn ní àádọ́ta ọdún sẹ́yìn wà nílẹ̀, ó sì jókòó, ó tún un kọ.

Nítorí náà, má tíì fi iṣẹ́ sílẹ̀. Nínú gbogbo èyí tó o ti kọ láti ọdún mẹ́rin, mú ẹyọ kan, èyí tó ò ń lá lálá rẹ̀. Wá ẹni tó mọṣẹ́ jù ọ́ lọ, tí kì í ṣe ọ̀rẹ́ ẹ, kó bá ọ kà á, má sì dá a lóhùn nígbà tó bá ń sọ̀rọ̀. Kọ gbogbo ohun tó bá sọ sílẹ̀. Bí o kò bá rí ẹnikẹ́ni, fi ogójì ojú ìwé àkọ́kọ́ ránṣẹ́ sí mi. Màá kà á, màá sì bá ọ sòótọ́.